Bí A Ṣe Ń Yan Síkóònù Eléso Nílé Nínú Ooru Abẹ́òkúta

Síkóònù, tí àwọn òyìnbó ń kọ ní “scone”, jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn ìpápánu tí àwọn ará Scotland àti England fi ń mu tíì. Kò ní ìwúkàrà nínú, nítorí náà a kì í bò ó mọ́lẹ̀ kí ó wú bíi ti búrẹ́dì. Láti ìgbà tí a bá ti bu fúláwà sínú abọ́ títí di ìgbà tí a ó gbé e kúrò lórí iná, kò yẹ kí ó gbà ju wákàtí kan lọ. Síbẹ̀, ọ̀pọ̀ ìyá tó mọ pọ́fù-pọ́fù í dín, tí òórùn ṣínṣín rẹ̀ ń pe àwọn ará àdúgbò wá, ni síkóònù máa ń le mọ́ lọ́wọ́ tí eyín kì í lè wọ̀ ọ́. Ohun tó ń fà á kò ju méjì lọ. Èkíní ni pé ọwọ́ wa ti mọ́ pípo ìyẹ̀fun títí yóò fi máa fà, bẹ́ẹ̀ síkóònù kò fẹ́ kí ọwọ́ pọ̀ lára òun. Èkejì ni pé ìlú tútù ni àwọn tó kọ́kọ́ ń ṣe é ń gbé, wọn kò sì ronú kan ilé ìdáná tó wà ní Aké lọ́sàn-án oṣù kẹta, níbi tí bọ́tà ti ń yọ́ kí a tó ṣí ìdérí rẹ̀ tán. Ẹni tó bá lè mú kí èròjà rẹ̀ tutù, tí ó sì lè kó ọwọ́ ara rẹ̀ ní ìjánu, ti ṣe iṣẹ́ náà kọjá ìdajì.

Èròjà fún bíi méjìlá nìyí: fúláwà gíráàmù 450, bọ́tà gíráàmù 100, ṣúgà gíráàmù 60, béékìn páúdà ṣíbí tíì 4 tó tẹ́jú, iyọ̀ ìdajì ṣíbí tíì, èso gbígbẹ gíráàmù 120, ẹyin 1, àti mílíìkì mílílítà 220. Ẹni tí kò ní òṣùwọ̀n lè fi ife onímílílítà 250 wọn fúláwà náà ní ife mẹ́ta ààbọ̀, láìkì í mọ́lẹ̀. Bí ó bá jẹ́ bọ́tà inú ike gíráàmù 250 ni ó rà, kí ó pín in sí ọ̀nà márùn-ún, kí ó sì mú méjì níbẹ̀. Ṣúgà náà yóò tó ṣíbí ìmùkọ márùn-ún tó tẹ́jú. Kóńgò àti dẹ́ríkà kò wúlò fún irú iṣẹ́ báyìí, nítorí ọwọ́ ẹni tó ń wọ̀n ọ́n ló ń sọ bí orí rẹ̀ ṣe máa ga tó.

Fúláwà tó pọ̀ jù lọ lọ́jà wa ni èyí tí àwọn olóbúrẹ́dì fẹ́ràn, èyí tí gluten pọ̀ nínú rẹ̀. Gluten yìí ló ń mú kí búrẹ́dì Agége máa fà bí a bá ń ya á: bí omi bá ti kan fúláwà, tí ọwọ́ sì ń pò ó, ṣe ni ó ń so mọ́ra wọn gírígírí. Fún síkóònù, a fẹ́ kí ó kéré. Ọ̀nà tó rọrùn ni kí ẹ yọ ṣíbí ìmùkọ méjì kúrò nínú ife fúláwà kọ̀ọ̀kan, kí ẹ sì fi ṣíbí kọ́ọ̀nfúláwà méjì dí i. Lẹ́yìn náà, ẹ da béékìn páúdà àti iyọ̀ mọ́ ọn, kí ẹ sì fi kọ̀ǹkọ̀sọ̀ kù ú lẹ́ẹ̀mejì. Kì í ṣe nítorí kòkòrò nìkan ni a fi ń kù ú, bó tilẹ̀ jẹ́ pé fúláwà tó ti pẹ́ nínú àpò kì í ṣàìní tirẹ̀. Béékìn páúdà tó bá ṣù jọ sójú kan yóò yọ àmì sí ara síkóònù, ibi tí àmì náà bá wà yóò sì korò.

Béékìn páúdà yìí gba àfiyèsí ju bí a ti rò lọ. Àdàpọ̀ ásíìdì àti sódà ni. Bí omi bá kàn án, tí ooru sì tún kàn án, afẹ́fẹ́ kábọ́ọ̀nù dáyọ́ksáídì a jáde lára rẹ̀, òun ló sì ń gbé ìyẹ̀fun náà sókè. Alfred Bird, apòògùn kan ní Birmingham, ló ṣe irú rẹ̀ jáde ní ọdún 1843 nítorí pé ara ìyàwó rẹ̀ kò gba ohun tó ní ìwúkàrà. Ọdún yẹn náà ni Henry Townsend kọ́kọ́ wọ Abẹ́òkúta, bó tilẹ̀ jẹ́ pé n kò rò pé ó mú béékìn páúdà kankan dání. Èyí tí wọ́n ń wọ̀n sínú ọ̀rá ní ọjà Kútò tàbí Láfẹ́nwá dára bí ó bá jẹ́ tuntun, ṣùgbọ́n bí ẹ bá bi ẹni tó ń tà á pé, “Ìyá, ṣé tuntun ni?”, ẹ kò ní gbọ́ ìdáhùn mìíràn ju “Tuntun ni, oníbàárà mi, àná la gbé e dé” lọ. Omi gbígbóná ni kí ẹ bi. Ẹ da ìdajì ṣíbí tíì rẹ̀ sínú omi gbígbóná díẹ̀. Bí ó bá hó yaya lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, ó ṣì lágbára, ṣùgbọ́n bí ó bá kàn rọra yọ ìfófòó díẹ̀, ẹ lọ ra òmíràn kí ẹ tó fi bọ́tà ṣòfò. Ẹ má sì fi sódà lásán tàbí káún rọ́pò rẹ̀. Káún mọ iṣẹ́ rẹ̀ nínú ẹ̀wà àti ewédú. Nínú síkóònù, bí ìgbà tí ọṣẹ bá kan ahọ́n ni yóò máa rí lẹ́nu.

Ní ti èso, mo rò pé ibẹ̀ gan-an ló yẹ kí ará Abẹ́òkúta ti ṣe tirẹ̀ lọ́tọ̀. Nílùú òyìnbó, èso àjàrà gbígbẹ, èyí tí àwọn ọlọ́jà ń pè ní résìn, ni wọ́n sábà máa ń dà sí i. Ó wà ní àwọn ilé ìtajà ńlá wa, ṣùgbọ́n owó rẹ̀ kì í ṣe kékeré. Dàbínù sàn jù ú lọ lójú tèmi: ó wà lọ́wọ́ àwọn Hausa tó ń tà á ní Sábó, ó máa ń pọ̀ sí i lásìkò ààwẹ̀ Ramadan, adùn rẹ̀ sì máa ń pẹ́ lẹ́nu. Ẹ là á, ẹ yọ kóró rẹ̀, ẹ gé e wẹ́wẹ́ kí ọ̀kọ̀ọ̀kan má ju hóró ẹ̀wà lọ, kí ẹ sì fi fúláwà díẹ̀ pa á lára kí wọ́n má baà lẹ̀ mọ́ ara wọn. Ọ̀pẹ̀ òyìnbó àti máńgòrò dùn nínú rẹ̀ púpọ̀, ṣùgbọ́n wọn kò ṣeé dà sí i ní tútù, nítorí omi ara wọn yóò mú kí ìyẹ̀fun náà rọ̀ jù, tí síkóònù yóò sì tẹ́ pẹrẹsẹ lórí tírè dípò kí ó dìde. Ṣe ni kí ẹ gé wọn ní fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́, kí ẹ tò wọ́n sórí tírè, kí ẹ sì gbé wọn sínú ófùn tí iná rẹ̀ kéré jọjọ, kí ilẹ̀kùn rẹ̀ ṣí díẹ̀ kí oruku omi lè máa jáde. Ó ń gba wákàtí mélòó kan. Ìgbà tí ẹ bá fún un lọ́wọ́ tí omi kò jáde mọ́, àmọ́ tí ó ṣì ń tẹ̀ láìkán, ó ti tó. Lásìkò ọyẹ́, oòrùn àti afẹ́fẹ́ gbígbẹ lè ṣe iṣẹ́ náà, bí ẹ bá fi àwọ̀n bò ó kí eṣinṣin má bà á. Agbálùmọ̀ ní tirẹ̀, ẹ jẹ́ ká máa jẹ ẹ́ lásán.

Èso tó bá gbẹ jù kì í jókòó jẹ́ẹ́ nínú ìyẹ̀fun. Yóò máa fa omi mu lára rẹ̀ nígbà tí ó bá wà lórí iná, síkóònù yóò sì gbẹ. Ẹ rẹ ẹ́ sínú tíì gbígbóná fún ìṣẹ́jú 15, tàbí sínú omi sóbò tí a kò fi ṣúgà sí, èyí tó ń fún résìn ní ìkan díẹ̀ tí mo fẹ́ràn. Lẹ́yìn náà, ẹ sẹ́ omi rẹ̀ dànù, kí ẹ sì fi aṣọ mímọ́ nù ún gbẹ dáadáa. Èèpo ọsàn nìkan ni a lè lò ní tútù láìsí wàhálà: ẹ fi ìrin ilá rin awọ ìta ọsàn kan sínú ṣúgà, ṣùgbọ́n ẹ dúró bí ẹ bá ti rí funfun, nítorí kíkorò ni funfun náà.

Kí ẹ tó fọwọ́ kan ohunkóhun, ẹ gé bọ́tà náà wẹ́wẹ́, kí ẹ sì gbé e sínú fírísà fún bíi ìṣẹ́jú 30. Bọ́tà tí a fi wàrà màlúù ṣe ló dùn jù, ṣùgbọ́n òun náà ló ń tètè yọ́ jù. Nǹkan bí ìwọ̀n ooru 32 sí 35 lórí Celsius ló ti ń di òróró, ooru ọ̀sán wa nínú ẹ̀ẹ̀rùn sì ń dé ibẹ̀ láìsí iná kankan. Bí ẹ bá fẹ́ lo màjárínì, ìyẹn bọ́tà olóròóró ti inú ike, ẹ wá èyí tí wọ́n ṣe fún oníkéèkì, kí ẹ má lo èyí tó rọ̀ tí a ń fi pa búrẹ́dì. Abọ́ àti fúláwà náà lè wọ inú fíríìjì. Bí kò bá sí iná mànàmáná, ẹ ra yìnyín lọ́wọ́ àwọn tó ń tà á, ẹ kó o sínú kúlà, kí ẹ sì di bọ́tà náà sínú ọ̀rá kí ẹ tó rì í mọ́ ọn. Òwúrọ̀ kùtùkùtù, kí oòrùn tó ta sára òrùlé, ni àkókò tó dára jù lọ fún iṣẹ́ yìí. Ìdí tí a fi ń ṣe gbogbo èyí ni pé hóró bọ́tà kọ̀ọ̀kan gbọ́dọ̀ wọ inú ófùn ní líle: ibẹ̀ ni yóò ti yọ́, tí omi inú rẹ̀ yóò di oruku, tí oruku náà yóò sì ya ìyẹ̀fun sọ́tọ̀ọ̀tọ̀ ní ìpele-ìpele. Bọ́tà tó bá ti yọ́ nínú abọ́ kò ní iṣẹ́ kankan láti ṣe mọ́ nínú ófùn ju kí ó mú kí síkóònù wúwo lọ.

Ẹ fi omi tútù fọ ọwọ́, kí ẹ nù ún gbẹ. Ẹ da bọ́tà sínú fúláwà, kí ẹ fi orí ìka àti àtàǹpàkò nìkan mú un, kí ẹ gbé e sókè díẹ̀ lórí abọ́, kí ẹ máa ra á, kí ó máa já bọ́ padà. Ẹni tó bá ti ṣe ṣínṣín rí mọ èyí, àmọ́ kí ó rántí pé àtẹ́lẹwọ́ kò gbọdọ̀ dá sí i, nítorí òun ló gbóná jù lára ọwọ́. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú mẹ́ta tàbí mẹ́rin, ẹ mi abọ́ náà sọ́tùn-ún sósì: àwọn bọ́tà tó ṣì tóbi yóò yọ sókè fúnra wọn, kí ẹ mú wọn padà sábẹ́ ìka. Nígbà tí gbogbo rẹ̀ bá ti dà bíi gààrí Ìjẹ̀bú, tí àwọn hóró kan ṣì hàn láàárín rẹ̀ tí kò tíì lọ́ tán, ẹ ṣíwọ́. Bí ó bá ń dán, tí ó sì ń lẹ̀ mọ́ ìka, bọ́tà ti ń yọ́ nìyẹn. Ẹ gbé abọ́ padà sínú fíríìjì fún ìṣẹ́jú 10, kí ẹ máa fọ abọ́ mìíràn.

Mílíìkì náà gbọ́dọ̀ tutù. Bí ó bá jẹ́ oníyẹ̀fun, ẹ fi omi tútù pò ó kí ó nípọn dáadáa, kí ẹ sì fún omi ọsàn wẹ́wẹ́ ṣíbí ìmùkọ kan sí i; láàárín ìṣẹ́jú mélòó kan yóò dì díẹ̀, ìkan rẹ̀ a sì máa mú kí inú síkóònù rọ̀. Nọ́nò tí àwọn obìnrin Fúlàní ń tà dára dípò rẹ̀, bí wọn kò bá tíì fi ṣúgà tàbí fúrá sí i. Ẹ lu ẹyin mọ́ mílíìkì náà, kí ẹ bu ṣíbí méjì pamọ́ nínú rẹ̀ fún fífi pa orí síkóònù. Ẹ da ṣúgà àti èso sínú fúláwà, ẹ rò ó pọ̀, ẹ gbẹ́ ihò sáàárín rẹ̀, kí ẹ sì da mílíìkì sí i lẹ́ẹ̀kan náà. Ọ̀bẹ ìjẹun ni kí ẹ fi rò ó, kì í ṣe ọwọ́ tàbí ṣíbí igi: ẹ máa gé e, kí ẹ máa yí abọ́, kí ẹ máa gé e, títí tí kò fi ní sí fúláwà gbígbẹ mọ́ àfi díẹ̀ nísàlẹ̀. Yóò rí játijàti, yóò dà bí ohun tí kò tíì parí. Ó ti parí. Ibí ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ti ń ba tiwọn jẹ́, torí ojú wọn kò gbà á, ni wọ́n bá tẹ ọwọ́ méjèèjì bọ̀ ọ́.

Ẹ wọ́n fúláwà díẹ̀ sórí tábìlì tó mọ́, kí ẹ da ìyẹ̀fun náà sí i, kí ẹ fi fúláwà pa ọwọ́, kí ẹ ká a sí méjì, kí ẹ tẹ̀ ẹ́ fẹ́ẹ́rẹ́, kí ẹ tún un ká lẹ́ẹ̀kan tàbí lẹ́ẹ̀mejì sí i, kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ìgò mínírà gílááṣì tó ti wà nínú fíríìjì, tí a nù gbẹ, lè tẹ́ ẹ dọ́gba. Kí ó nípọn tó sẹ̀ǹtímítà 2.5, èyí tó súnmọ́ gígùn oríkèé òkè àtàǹpàkò; èyí tó bá tín-ín-rín ju bẹ́ẹ̀ lọ yóò di bisikíìtì. Àwọn kan ń fi ẹnu ife gílááṣì gé e, n kò sì gbà wọ́n níyànjú, torí ẹnu ife nípọn, ó ń tẹ etí rẹ̀ pa ni kò gé e. Agolo tòmáàtò kékeré tí a ti gé orí àti ìdí rẹ̀ dànù dára jù ú lọ, bí ẹ bá ṣọ́ra fún ìka yín: ẹ ki ẹnu rẹ̀ bọ fúláwà, ẹ tẹ̀ ẹ́ wọlẹ̀ ṣánṣán, ẹ gbé e sókè ṣánṣán. Bí ẹ bá lọ́ ọ, etí síkóònù yóò dì pa, yóò sì dìde sí ẹ̀gbẹ́ kan. Ọ̀bẹ mímú ni èmi ń lò ní tèmi, kí gbogbo rẹ̀ jẹ́ onígun mẹ́rin. Kò ní àjẹkù tí a ó tún máa kó jọ, èyí tó bá sì jẹ́ àkójọ kì í fúyẹ́ bíi ti àkọ́kọ́.

Ẹ tò wọ́n sórí tírè tí a ti fi bọ́tà pa, kí wọ́n súnmọ́ra, kí ààyè àárín wọn má ju ìka kan lọ. Báyìí ni wọn yóò fi gbé ara wọn ró lọ sókè. Ẹ ti èso tó bá yọrí síta wọlé, nítorí ó ń tètè jóná. Ẹ fi mílíìkì tí ẹ bù pamọ́ pa orí wọn, àmọ́ kí ó má ṣàn sí ẹ̀gbẹ́, nítorí ẹyin tó bá gbẹ sí ẹ̀gbẹ́ kò ní jẹ́ kí wọ́n gòkè.

Iná síkóònù gbọ́dọ̀ mú: ìwọ̀n 220 lórí Celsius, fún ìṣẹ́jú 12 sí 15, ófùn náà sì gbọ́dọ̀ ti gbóná kí tírè tó wọlé. Ófùn onígáàsì wa kì í sábà sọ òtítọ́ nípa ooru rẹ̀, bí nọ́ńbà bá tilẹ̀ wà lára rẹ̀. Ẹ wọ́n fúláwà díẹ̀ sórí àwo irin kan, kí ẹ gbé e sínú rẹ̀ fún ìṣẹ́jú márùn-ún: bí ó bá di àwọ̀ igi dúdú, ó tó, bí ó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ ń pọ́n, ẹ fi iná kún un. Ìsàlẹ̀ ni iná irú ófùn bẹ́ẹ̀ ti ń wá, nítorí náà ẹ gbé tírè sí ìpele òkè, kí ẹ sì fi tírè mìíràn há abẹ́ rẹ̀ bí ìdí wọn bá ń jóná kí orí tó pọ́n. Ẹ má ṣí ilẹ̀kùn kí ìṣẹ́jú mẹ́wàá tó pé.

Ẹni tí kò ní ófùn kò sọ ìrètí nù. Ẹ da yanrìn tí a ti fọ̀, tí a sì ti sá gbẹ fúnfún, sínú ìkòkò irin tó nípọn, kí ó ga tó sẹ̀ǹtímítà 3, ẹ gbé òkúta pẹlẹbẹ tàbí agolo kúkúrú mẹ́ta sórí rẹ̀, kí ẹ dé e, kí ẹ sì gbé e sórí iná fún ìṣẹ́jú 20 kí tírè kékeré tó wọlé. Bí ẹ bá tò èédú pípọ́n sórí ìdérí irin rẹ̀, orí síkóònù yóò pọ́n. Bí kò bá sí èédú, yóò jinná ṣùgbọ́n yóò funfun. Èyí ń gba nǹkan bí ìṣẹ́jú 20 sí 25. Ìta gbangba ni kí ẹ ti ṣe èyí tó bá ní èédú, nítorí èéfín rẹ̀ tí ojú kò rí léwu nínú yàrá.

Ẹ mọ̀ pé ó jinná bí orí rẹ̀ bá pọ́n, tí ìdí rẹ̀ sì dún kókó nígbà tí ẹ bá fi ìka kàn án. Ẹ tò ó sórí irin tí afẹ́fẹ́ lè gba abẹ́ rẹ̀ kọjá. Bí ẹ bá fi aṣọ bò ó, yóò rọ̀, bí ẹ kò bá bò ó, ara rẹ̀ yóò le díẹ̀, ọwọ́ yín nìyẹn kù sí. Ọwọ́ ni a fi ń là á, kì í ṣe ọ̀bẹ, nítorí síkóònù tó bá dìde dáadáa ti ní ìlà ní àárín ara rẹ̀. Ní England, àwọn ará Devon ń fi kíríìmù sí i kí wọ́n tó fi jáàmù lé e, àwọn ará Cornwall sì ń fi jáàmù ṣáájú, ọ̀rọ̀ náà sì jẹ́ ìjà láàárín wọn. Kíríìmù tó nípọn bẹ́ẹ̀ ṣọ̀wọ́n lọ́dọ̀ wa; bọ́tà àti jáàmù ọ̀pẹ̀ òyìnbó tí a fi ata ilẹ̀ díẹ̀ sè ti tó, pàápàá bí síkóònù náà bá ṣì lọ́ wọ́ọ́rọ́.

Ọjọ́ tí a yan án ló dùn jù. Èyí tó bá kù, ẹ fi sínú ike tó ní ìdérí, kí ẹ sì jẹ ẹ́ kó tó di ọjọ́ kejì. Ẹ ta omi sí i lára, ẹ dé e sínú páànù gbígbẹ lórí iná tó kéré fún ìṣẹ́jú mẹ́ta, yóò sọjí. Bí àlejò yóò bá wá lọ́jọ́ mìíràn, ó sàn kí ẹ gbé èyí tí a ti gé ṣùgbọ́n tí a kò tíì yan sínú fírísà, bí iná ilé yín bá ṣeé gbẹ́kẹ̀ lé. Láti inú yìnyín ni kí ó ti wọ inú ófùn tààrà láìyọ́, kí ẹ sì fi ìṣẹ́jú mẹ́ta sí márùn-ún kún àkókò rẹ̀.